Ọ̀rọ̀ Bàbá Mi Lẹ́nu Ará Ítálì

Yàrá tí a ti ń ṣiṣẹ́ ní Àgọ́-Ìwòyè máa ń rùn bí ibùsùn tí ọmọdé tọ̀ sí, tí wọ́n wá sá sóòrùn. Kì í ṣe pé a kì í gbá a, fóòmù ló fà á. Fóòmù àlòkù la fi bo ògiri mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, a sì lẹ pépà tí wọ́n fi ń kó ẹyin mọ́ àjà, kí ariwo ọ̀kadà àti ti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ má baà wọlé. Bí a bá ti fẹ́ gba ohùn sílẹ̀, a ó pa fáànù, a ó ti fèrèsé, kó tó di pé a sọ gbólóhùn mẹ́wàá, òógùn á ti máa kán sórí ìwé tí mo ń kà. Síbẹ̀, ọ̀rẹ́ mi, kò síbi iṣẹ́ tí inú mi ti dùn tó bẹ́ẹ̀ rí. Ìdí nìyẹn tí ojú fi máa ń tì mí bí mo bá ń kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù àwọn tó ń ta bẹ́ẹ̀dì, tí òórùn fóòmù bá ta sí mi nímú.

Iṣẹ́ wa ni láti fi Yorùbá sí ẹnu àwọn òyìnbó inú eré. Ọ̀gá wa, obìnrin kan tó ń kọ́ni ní yunifásítì, ló gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan, ó sì kó àwa mẹ́rin tó ti kọ́ ní eré orí ìtàgé jọ. Wọ́n á fi eré ránṣẹ́ sí wa pẹ̀lú ọ̀rọ̀ tí wọ́n ti tú sí èdè Gẹ̀ẹ́sì, àwa á wá sọ ọ́ di Yorùbá. Ìtumọ̀ nìkan kọ́ ni wàhálà ibẹ̀, ẹnu ni wàhálà. Bí ètè òyìnbó bá pàdé, ètè tiwa náà gbọ́dọ̀ pàdé. Bó bá ya ẹnu sílẹ̀, a kò gbọdọ̀ wà níbi tí a ti ń pa ẹnu dé. A gbọ́dọ̀ mọ ìgbà tó máa mí, ká bá a mí. Mo ti rí i rí tí ọ̀gá wa da odindi gbólóhùn tó dùn nù nítorí pé ó fi ọ̀rọ̀ méjì péré gùn ju ẹnu ẹni tó ń sọ ọ́ lọ.

Èmi ni wọ́n fi ará Ítálì kan lé lọ́wọ́. Ọdún mẹ́ta gbáko ni mo fi jẹ́ ohùn rẹ̀. Nínú fíìmù àkọ́kọ́ tí mo ti sọ̀rọ̀ fún un, ọ̀dọ́ ni, ọlọ́pàá tí wọ́n yìnbọn pa kí eré tó wọra, gbólóhùn mẹ́fà péré ló sọ kó tó kú. Lẹ́yìn náà ó di olè, ó di àlùfáà, ó di adájọ́ tó ń gba rìbá. Láàárín òjò kan sí ẹ̀ẹ̀rùn kan, irun orí rẹ̀ ti funfun lójú mi. Ọ̀gá wa sọ fún mi pé káfíńtà ni tẹ́lẹ̀. Òun ló ń kan pákó tí wọ́n fi ń ṣe ògiri ilé tí kì í ṣe ilé, níbi tí àwọn òṣèré ti ń ṣeré, ọjọ́ tí òṣèré kan kò sì wá síbi iṣẹ́ ni wọ́n ní kó ju òòlù sílẹ̀, kó dúró níbẹ̀, kó sọ gbólóhùn kan. Nígbà tó dàgbà tí wọn kò fi bẹ́ẹ̀ pè é síṣẹ́ mọ́, kò sunkún. Ó jókòó, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ eré tí òun fúnra rẹ̀ á ṣe, ó sì ń kọ ìwé mọ́ ọn.

Ọmọ ẹni tó ń la gẹdú ní Ìjẹ̀bú-Igbó lèmi. Bí mo ṣe gbọ́ pé pákó lará Ítálì yìí ti bẹ̀rẹ̀, mo ti mú un lẹ́bí. Bó ṣe ń họ etí kó tó parọ́ nínú eré ni mo ń họ tèmi nílé. Ìyàwó mi á gbé oúnjẹ kalẹ̀, á ní, "Ará Ítálì, ọbẹ̀ ń tutù o." Mo ń rẹ́rìn-ín, ó sì ń dùn mọ́ mi nínú.

Eré àtìgbàdégbà kan tó kọ fúnra rẹ̀ ló wá gbayì jù. Òun náà ló ṣe bàbá inú rẹ̀, ẹnì kan tó ń gbẹ́ òkúta, tó lé ọmọ rẹ̀ ọkùnrin jáde nílé nítorí pé ọmọ náà kọ̀ láti gbẹ́ òkúta. A bá a bọ̀ títí a fi dé ibi tí bàbá ti wọ bọ́ọ̀sì lọ sí ìlú tí ọmọ wà. Ọmọ ṣílẹ̀kùn. Bàbá ṣí fìlà lórí, ó gbé e sórí tábìlì, ó sì sọ̀rọ̀. Mo wo ohun tí wọ́n kọ sínú ìwé. Gbogbo ohun tí bàbá sọ kò ju pé bọ́ọ̀sì pẹ́ kó tó dé, òun kò tíì jẹun, otútù ibẹ̀ sì pọ̀ ju ti ilé lọ. Ọmọ bú sẹ́kún, eré ọjọ́ náà parí.

Inú bí mi. Mo sọ fún ọ̀gá wa pé àwọn èèyàn á fi wá rẹ́rìn-ín. Bàbá wá bẹ ọmọ tó lé jáde, ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀sì ló wá ń sọ? Ọ̀gá ní bó ṣe kọ ọ́ nìyẹn, òun ló sì leré rẹ̀. Mo ní kó fún mi láàyè, kí n wá nǹkan tó lẹ́ran lára wá. Ó wo aago, ó ní kí n mú un wá kí àkókò ìrun Àsárì tó tó, tí kò bá dùn ju ti onítọ̀hún lọ, ká wọ bọ́ọ̀sì wa ká máa lọ.

N kò ronú jìnnà rárá. Fìlà tí ọkùnrin náà ṣí ti rán mi létí fìlà mìíràn.

Jẹ́ kí n sọ bọ́rọ̀ ṣe jẹ́ fún ọ. Abẹ́ àtíbàbà bàbá mi ní ilé ìlagi ni wọ́n ń gbé ẹjọ́ wá. Bí onígẹdú kan tó ń kó igi bọ̀ láti ọ̀nà Mamu bá bá ẹni tó ń rà á jà, bí ọ̀gá bá bá ọmọṣẹ́ rẹ̀ fà á, wọ́n á ní ẹ jẹ́ ká lọ sọ́dọ̀ Bàbá. Ẹni tó ń parí ìjà fún gbogbo ayé yìí, òun ló bá ọmọ tirẹ̀ jà. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin pàdé apẹja kan tó wá láti Òde-Omi wá ra pákó tí yóò fi kan ọkọ̀ ojú omi. Bàbá mi fẹ́ kó parí ẹ̀kọ́ olùkọ́ tó ń kọ́, òun ní ọkọ lòun ń fẹ́. Bàbá mi dìde lójú gbogbo àwọn onípákó, ó ní òun kò bí ẹni tó ń jẹ́ orúkọ yẹn. Ẹ̀gbọ́n mi gbé àpótí rẹ̀, ó lọ. Ọdún mẹ́fà kọjá, kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ dárúkọ rẹ̀ nílé wa, ìyá wa pàápàá a máa lọ sẹ́yìnkùlé lọ dá sunkún.

Lọ́dún keje, lọ́jọ́ kejì ìtúnu ààwẹ̀, bàbá mi ní kí n wọṣọ. Kò sọ ibi tí à ń lọ. A wọ mọ́tò dé etí omi, a wọ ọkọ̀ ojú omi tó ní ẹ́ńjìnnì. Bàbá mi kò gun omi rí láyé rẹ̀. Ọwọ́ méjèèjì ló fi di etí ọkọ̀ mú, tẹ̀sùbáà rẹ̀ wà nínú àpò, kò ráyè fà á. Nígbà tí a gúnlẹ̀ ní Òde-Omi, èéfín ẹja gbalẹ̀ kan, iyanrìn sì wọnú bàtà wa. Ẹ̀gbọ́n mi nìkan la bá nílé, ó ń yí ẹja lórí iná. Ó rí wa, kò kúnlẹ̀, kò sọ pé ká jókòó. Bàbá mi ṣí fìlà lórí, ó gbé e sílẹ̀, ó sì jókòó sórí ilẹ̀ẹ́lẹ̀ nínú aṣọ funfun tó wọ̀. Ìjẹ̀bú pọ́ńbélé ló fi sọ̀rọ̀, èdè ìwé ni mo máa fi kọ ọ́ fún ọ.

"Ẹnu mi yìí ni mo fi lé ọ jáde. Òun náà ni mo gbé wá. Bí o bá ní kí n má fi í sọ̀rọ̀ mọ́, n ó pa á dé."

Ẹja jóná lórí iná lọ́jọ́ náà. Ẹ̀gbọ́n mi dúró títí, ó wá kúnlẹ̀ níwájú bàbá wa, ó gbá ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì mú, àwọn méjèèjì sunkún, èmi náà yíjú sí ògiri. Lẹ́yìn tí wọ́n nu ojú tán, ẹ̀gbọ́n mi ní ẹyọ ohun kan lòun ń bẹ bàbá. Òun ti sọ fún ìyá ọkọ òun pé tìdùnnú-tìdùnnú ni bàbá òun fi fa òun fún ọkọ, pé àìsàn ẹsẹ̀ ni kò jẹ́ kó lè wá. Ọkọ òun nìkan ló mọ òótọ́. Ọ̀rẹ́ mi, ìwọ náà mọ ojú tí àwọn àna fi ń wo obìnrin tí bàbá rẹ̀ lé, tí kò sẹ́ni tó máa bi wọ́n léèrè bí wọ́n bá fìyà jẹ ẹ́. Bàbá mi ní òun gbọ́. Òun náà bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí àwọn ará ilé máa rò pé òun ọmọ ló wálé fúnra rẹ̀. Ohun tí gbogbo Ìjẹ̀bú-Igbó sì mọ̀ nìyẹn nígbà tó dé ní Iléyá pẹ̀lú ọmọ méjì. Nínú ọkọ̀, bí a ṣe ń padà bọ̀, bàbá mi kò wo ojú mi. Omi ló ń wò.

"Ohun tí ojú rẹ rí lónìí," ó ní, "kì í ṣe ti ẹnu rẹ."

Mo ní, "Mo gbọ́, bàámi."

Ọ̀rọ̀ tí mo kọ sílẹ̀ ní Àgọ́-Ìwòyè kí ìrun Àsárì tó tó nìyẹn, kò yingin. A dán an wò. Ibi tí ètè ará Ítálì ti pàdé nígbà àkọ́kọ́ ni ètè mi ti pàdé, ibi tó ti mí ni mo ti mí, àfi bí ẹni pé ọkùnrin náà wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn lọ́jọ́ tí à ń sọ yìí. Ọ̀gá wa yọ ẹ̀rọ ìgbọ́hùn tó fi sétí, ó fi ìbòrí rẹ̀ nu ojú. Ó bi mí pé níbo ni mo ti rí i. Mo ní orí mi ló sọ sí. Ojú tó fi wò mí lọ́jọ́ náà wù mí púpọ̀. Mo rìn lọ sílé bí ẹni tí wọ́n fi joyè.

Nígbà tí wọ́n fi eré náà hàn, kò pẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà fi kúrò nínú tẹlifíṣọ̀n tó bọ́ sórí fóònù. Àwọn ọ̀dọ́ gé ibẹ̀ sọ́tọ̀, wọ́n ń fi ránṣẹ́ síra wọn. Ọlọ́kadà tó bá fẹ́ gbá èèyàn ní Òkè-Àgbò á ní, "Ẹ má bínú, ẹnu mi náà ni mo gbé wá." Ọkọ tó pẹ́ wálé á fi bẹ ìyàwó. Mo ń gbọ́ ọ níbi gbogbo, orí mi ń wú.

Mo lọ kí àwọn òbí mi lọ́jọ́ Àìkú kan. Bàbá mi jókòó sórí bẹ́ǹṣì níwájú ilé. Ó bi mí pé ṣé ohùn mi ni ti òyìnbó tó ń ṣí fìlà yẹn. Mo ní ohùn mi ni. Ó ń wò mí, bí ẹni tó ń retí pé kí n fi nǹkan kún un. N kò fi nǹkan kan kún un. Ó ní, "Ó dáa," ó dìde, ó gbé kẹ́tù, ó lọ ń ṣe àlùwàlá nígbà tí kò sí ìrun kankan nítòsí. Mo rí gbogbo èyí. Mo sọ fún ara mi pé inú rẹ̀ dùn ni, bí àwọn àgbà ṣe ń ṣe nígbà tí inú wọn bá dùn. Irọ́ funfun báláú.

Tó bá jẹ́ pé ibẹ̀ ló parí sí, bóyá ǹ bá máa jíyìn fún Ọlọ́run nìkan. Ilé iṣẹ́ rédíò kan pè mí wá sórí afẹ́fẹ́. Atọ́kùn yìn mí, ó ní kí n sọ ọ̀rọ̀ náà, mo sọ ọ́. Àwọn èèyàn ń pè wọlé, wọ́n ń kí mi. Ọ̀kan nínú wọn, tó jọ pé olùkọ́ ni, wá ní kí wọ́n yé yin ẹni tí kò tọ́ sí, pé òyìnbó tó kọ eré ló ni ọgbọ́n inú rẹ̀, pé ayékòótọ́ lásán ni èmi. Atọ́kùn rẹ́rìn-ín. Ara mi gbóná. Ká ní mo sọ pé ọ̀rọ̀ ará Ítálì ni lóòótọ́, tàbí kí n kàn bá wọn rẹ́rìn-ín, kò sí nǹkan tí ì bá ṣe. Mo sún mọ́ ẹ̀rọ gbohùngbohùn, mo ní bàbá mi ló ni ọ̀rọ̀ náà, Òde-Omi ló ti sọ ọ́, lọ́jọ́ tó lọ bẹ ẹ̀gbọ́n mi tó lé jáde nílé. Mo tilẹ̀ ròyìn ẹja tó jóná. Àwọn àgbà ní ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, òun ní ń mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo ti kọ òwe yìí fún ìdánwò rí, mo sì gba máàkì tó pé.

Lọ́jọ́ kejì ni ẹ̀gbọ́n mi pè mí. Ohùn rẹ̀ kò ga. Ó ní ìyá ọkọ òun gbọ́ rédíò. Ó ní màmá náà dúró láàárín àwọn obìnrin tó ń sá ẹja, ó ní àṣé ẹni tí bàbá rẹ̀ lé làwọn gbé sílé láti ọjọ́ yìí, tó ń parọ́ fún àwọn. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé n kò mọ̀ pé ìròyìn á dé ọ̀hún. Ó jẹ́ kí n sọ ọ́ tán.

"N kò ní lè wálé mọ́, àwọn ọmọ mi náà kò ní wá," ó ní. "Bá mi sọ fún bàámi. Ìwọ lo ṣáà mọ ọ̀rọ̀ sọ."

N kò lè sọ fún bàámi. Iléyá dé, wọ́n pa àgbò, wọ́n tẹ́ ẹní fún àwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, ẹní náà wà níbẹ̀ títí wọ́n fi ká a. Ẹnu ẹni tó ń bá bàbá mi wa ẹ̀rọ ìlagi ni mo ti gbọ́ ìyókù. Ó ní onípákó méjì jà, wọ́n gbé ẹjọ́ wá sábẹ́ àtíbàbà. Bàbá mi bá wọn sọ̀rọ̀ gẹ́gẹ́ bí ìṣe rẹ̀, ó ní kí ẹni tó jẹ̀bi tọrọ àforíjì. Ẹni náà bá fẹ̀rín sí i, ó ní, "Bàbá, ẹ̀yin náà ẹ gbé ẹnu yín wá nígbà kan." Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Bàbá mi náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà ló ti gbé àga rẹ̀ kúrò níwájú, tó lọ ń jókòó sẹ́yìn níbi tí wọ́n ń da lẹ́búlẹ́bú igi sí, kò sì sẹ́ni tó tún gbé ẹjọ́ wá bá a. Ẹni tó sọ fún mi rò pé àwàdà ló ń bá mi ṣe. Ojú tì mí débi pé mo gba ẹ̀yìn jáde, n kò wọlé kí bàbá mi. Oṣù mélòó kan kọjá tí n kò dé Ìjẹ̀bú-Igbó, mo ní iṣẹ́ pọ̀.

Àkókò yẹn ni ìwé ará Ítálì náà dé. Ọ̀gá wa rí èyí tí wọ́n túmọ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì rà, ìtàn ayé rẹ̀ nídìí eré ló kọ síbẹ̀, láti ìgbà òòlù àti ìṣó. Ọ̀gá ní kí n kà á wò bóyá a lè sọ ọ́ di Yorùbá, ó ní ta ló tún yẹ kó kà á bí kò ṣe ohùn rẹ̀. Àárọ̀ ọjọ́ kan ni mo kà á dé ibi tó ti sọ̀rọ̀ nípa eré bàbá tó wọ bọ́ọ̀sì. Ó ní ọ̀rọ̀ ara òun ni. Bàbá òun, káfíńtà bíi tòun, lé òun nígbà tí òun fi iṣẹ́ sílẹ̀ lọ ṣeré. Lẹ́yìn ọdún púpọ̀, ọkùnrin náà wọ bọ́ọ̀sì wá bẹ òun, ó sì sọ ọ̀rọ̀ tí òun kò lè gbàgbé. Nígbà tí òun ń kọ eré, gbogbo ọ̀rọ̀ náà ni òun kọ sílẹ̀ pátá. Ṣùgbọ́n kí wọ́n tó ya eré náà, òun mú ìwé lọ sílé bàbá òun, òun kà á fún un lórí tábìlì tí wọ́n ti ń jẹun. Arúgbó náà gbọ́ ọ tán, ó ní kó jẹ́ kí ti bọ́ọ̀sì wà, kí ti ebi àti otútù wà, kó yọ ìyókù, nítorí pé ìyókù jẹ́ ti àwọn méjèèjì. Ó fi bírò fà á nù lójú bàbá rẹ̀. Ó ní láti ìgbà náà ni àwọn èèyàn ti ń sọ fún òun pé ibẹ̀ ṣófo, òun kì í sì í dá wọn lóhùn.

Mo pa ìwé náà dé. Ooru inú yàrá pọ̀, n kò lè dìde tan fáànù. Mo ti rò pé ọ̀rọ̀ ló tán nínú ọkùnrin yẹn. Ibi tó ti yọ ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ kúrò, tó fi sílẹ̀ gbayawu nítorí ọ̀wọ̀, ibẹ̀ gan-an ni mo lọ ki ọ̀rọ̀ bàbá tèmi bọ̀. Kò ju ìrìn-àjò wákàtí kan lọ láti ọ̀dọ̀ mi sí ọ̀dọ̀ bàbá mi, ọ̀kadà pàápàá á gbé mi débẹ̀ kíá, n kò lọ bi í. Mo sunkún lọ́jọ́ náà. Mo bẹ ọ̀gá wa pé ká tún ibẹ̀ gbà sílẹ̀, ká fi ti bọ́ọ̀sì sí i. Ó gbà, a ṣe é, kò sẹ́ni tó tilẹ̀ fura. Èyí tó wà lórí fóònù àwọn èèyàn ni wọ́n mọ̀.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ tó tẹ̀ lé e, lẹ́yìn ìrun, mo lọ bá bàbá mi. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú rẹ̀ nínú pálọ̀. Láti Àgọ́-Ìwòyè ni mo ti ń to ọ̀rọ̀ ẹ̀bẹ̀ jọ. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́, iṣẹ́ tí ẹ̀gbọ́n mi rán mi náà wà nínú rẹ̀, etí mi sì ń gbọ́ ohùn mi. Mo ń gbọ́ bó ṣe ń lọ sílẹ̀ níbi tó yẹ kó lọ sílẹ̀. Mo dánu dúró díẹ̀, mo mí, mo tún tẹ̀síwájú. Ọ̀nà tí mo fi ń bá ará Ítálì sọ̀rọ̀ ni mo ń gbà, n kò sì mọ ọ̀nà mìíràn. Bàbá mi na ọwọ́ dá mi dúró.

"Dìde," ó ní. "O ti ń ṣeré."

Kò fi ìbínú sọ ọ́. Ì bá ti fi ìbínú sọ ọ́, ì bá sàn fún mi. Mo dìde, mo jókòó sílẹ̀. Bàbá mi ní òun ti dárí jì mí, pé ọmọ òun ṣì ni mí, kí n lọ jẹun. Ó wá ní òun máa lọ sí Òde-Omi lọ́jọ́ kejì. Mo ní màá bá a lọ, pé omi kò dára fún un, pé ẹsẹ̀ rẹ̀ kò lágbára mọ́. Ìyá mi náà bá mi dá sí i.

"Rárá," ó ní. "Ìwọ dúró sílé."

Ó dá lọ. Ọjọ́ mẹ́ta ló lò. Ó padà pẹ̀lú ẹja yíyan àti ikọ́. Nígbà Iléyá tó tẹ̀ lé e, ẹ̀gbọ́n mi wọlé pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀, ìyá ọkọ rẹ̀ sì tẹ̀ lé e wá, màmá tó bú u láàárín àwọn ẹlẹ́ja. Màmá náà kúnlẹ̀ kí bàbá mi, bàbá mi pè é ní àna rere. Màmá náà àti ìyá mi jọ jẹun nínú àwo kan. Ohun tí bàbá mi lọ sọ ní Òde-Omi tó fi rí bẹ́ẹ̀, n kò mọ̀ ọ́n. Bóyá màmá yẹn ló bẹ̀ ni o, bóyá ẹ̀gbọ́n mi ni, bóyá ilẹ̀ ló tún jókòó lé, bóyá ó kàn sọ pé ọkọ̀ pẹ́ kó tó gbéra. Kò sẹ́ni tó sọ fún mi, ó sì di ọdún kẹrin báyìí.

Wọn kò bá mi jà. Ẹ̀gbọ́n mi ló ń bu oúnjẹ fún mi bí mo bá dé, ó sì máa ń yan èyí tó lẹ́ran. Bàbá mi ti gbé àga rẹ̀ padà síwájú ilé ìlagi, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹjọ́ tó ń dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ kò pọ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀. Mo ṣì ń jẹun nídìí ohùn, ará Ítálì náà sì ti darúgbó gan-an, ipa bàbá àgbà ló kù tó ń kó, ó ń kọ ìwé mìíràn. Mo máa ń rò ó nígbà mìíràn pé èmi tí mo mọ ìgbà tí àjèjì máa mí kò mọ ìgbà tí bàbá tó bí mi lọ́mọ ń bẹ̀ mí pé kí n dákẹ́. Ní ọjọ́ ọdún, bí mo bá ń ti ẹnu ọ̀nà bọ̀, mo máa ń gbọ́ ohùn bàbá mi àti ti ẹ̀gbọ́n mi lẹ́yìnkùlé, wọ́n ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Bí mo bá yọ sí wọn, wọ́n á ní káàbọ̀, wọ́n á sì bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ òjò. Mo máa ń jókòó tì wọ́n, mo máa ń sọ bí òjò ṣe rọ̀ ní ọ̀dọ̀ tiwa, n kì í sì í bi wọ́n léèrè ohun tí wọ́n ń sọ kí n tó dé.